Bátìrì Tó Kú Nínú Gold: Ìrírí Mi Pẹ̀lú Géèmù Pokémon ní Òṣogbo

Ní ọdún 2011, mo ti ilé ìwé dé sílé wa ní Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun. Mo fa páálí kan jáde lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì màmá mi, mo sì bá Game Boy mi, ẹ̀rọ géèmù alágbèéká aláwọ̀ eérú, nínú rẹ̀, pẹ̀lú kásẹ́ẹ̀tì Pokémon Gold tí mo ti gbé síbẹ̀ láti ìgbà tí mo wọ ilé ìwé gíga. Mo fẹ́ atẹ́gùn sí kásẹ́ẹ̀tì náà lẹ́nu bí gbogbo wa ti máa ń ṣe, mo ki bátìrì tuntun mẹ́rin bọ ẹ̀yìn ẹ̀rọ náà, mo tàn án. Orin rẹ̀ dún bó ṣe máa ń dún. Àmọ́ níbi tí “Continue” ti máa ń wà lókè, “New Game” ni mo rí. Mo pa á, mo tún un tàn. Mo yọ kásẹ́ẹ̀tì, mo fi aṣọ nù ún, mo dá a padà. “New Game” náà ni. Gbogbo ẹ̀dá inú géèmù náà tí mo ti ń kó jọ láti 2003, tí wọ́n lé ní igba, ti lọ. Kò sẹ́ni tó jí wọn, kò sẹ́ni tó fọwọ́ kàn wọ́n.

Mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ níbẹ̀ fún ìgbà pípẹ́. Ẹ jẹ́ kí n sọ ìdí tó fi dùn mí tó bẹ́ẹ̀.

Ọdún 1991 ni wọ́n bí mi, ọdún tí wọ́n yọ Ìpínlẹ̀ Ọ̀ṣun lára Ọ̀yọ́ tí Òṣogbo sì di olú ìlú. Mo ti pé ọmọ ọdún mẹ́wàá nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi tí wọ́n ń ṣiṣẹ́ ní Èkó gbé Game Boy tòkunbọ̀ kan wá sílé. Kásẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo ló bá a wá. Pupa ni, wọ́n ya nǹkan kan sí i lára bí aláǹgbá ńlá abìyẹ́, iná ń jó ní ìrù rẹ̀. Pokémon Red nìyẹn. Wàá máa rìn nínú koríko, ẹ̀dá kan á yọ sí ọ, wàá fi tìrẹ bá a jà títí agbára rẹ̀ á fi dínkù, lẹ́yìn náà wàá ju bọ́ọ̀lù lù ú kó lè kó sínú rẹ̀. Ẹ̀dá 151 ló wà nínú ìwé tí wọ́n ní kí o kún. Tí o bá mú wọn, o ní láti tọ́ wọn bí ẹni ń tọ́ ọmọ ewúrẹ́, àwọn mìíràn á sì pa àwọ̀ dà bí wọ́n ṣe ń dàgbà.

Owó oúnjẹ ilé ìwé ni mo fi ń ra bátìrì. Tí wọ́n bá ti kú, èmi àti àbúrò mi á sá wọn sórí páànù nínú oòrùn ọ̀sán, wọ́n á tún fún wa ní nǹkan bí ogún ìṣẹ́jú. Inú ogún ìṣẹ́jú yẹn ni mo ti kọ́ bí a ṣe ń séèfù. Iná pupa kékeré kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ojú ẹ̀rọ náà lápá òsì. Tó bá ti ń ṣú, mi ò ní wá ẹ̀dá kankan mọ́, màá yára séèfù kó tó kú mọ́ mi lọ́wọ́.

Ọ̀rẹ́ kan wà tí a jọ wà ní kíláàsì, ọmọ Ìyá Aláṣọ ní Ayétòrò. Òun ní Pokémon Blue, ẹ̀dà kejì géèmù náà, Game Boy Color sì ni tirẹ̀. Lọ́jọ́ kan ó fi ẹ̀dá kan hàn mí tó ń jẹ́ Vulpix, ọmọ kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ onírù mẹ́fà. Mo ní irọ́ ni, pé ó ti yí géèmù rẹ̀ padà, nítorí mo ti tú gbogbo koríko inú Red wò. A fẹ́rẹ̀ẹ́ jà. Àṣé bí wọ́n ṣe ṣe é nìyẹn. Ẹni tó ra Red ò ní rí Vulpix láé, ẹni tó ra Blue ò ní rí Growlithe tí èmi ní. Yàtọ̀ síyẹn, Kadabra ò ní di Alakazam àfi tí o bá fi wáyà rán an sí ẹ̀rọ ẹlòmíràn. Wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ dá a sílẹ̀ kí ẹnì kan má lè dá ìwé náà kún ni. Ohun tó jẹ́ kí n fẹ́ràn géèmù yìí nìyẹn títí dòní, ju ìjà inú rẹ̀ lọ.

Ariyànjiyàn kejì ni ti Green. Ọmọ kan ní kíláàsì wa ní ẹ̀dà kan tó ń jẹ́ Green wà, gbogbo wa sì fi òòlù ahọ́n lù ú títí ó fi dákẹ́. Ní 2005, mo san owó wákàtí kan ní káfè kan ní Òkè-Fìà, mo sì rí i pé òun ló tọ̀nà. Ọjọ́ 27 oṣù Kejì 1996 ni Red àti Green jáde ní Japan. Blue tẹ̀lé wọn níbẹ̀ lọ́dún yẹn kan náà, wọ́n ti tún àwòrán rẹ̀ ṣe. Ìgbà tí wọ́n wá fẹ́ kó géèmù náà lọ sí Amẹ́ríkà, wọ́n gba àwòrán àti iṣẹ́ inú Blue ti Japan, wọ́n sì pín àwọn ẹ̀dá náà bí Red àti Green ṣe pín wọn. Ìyẹn ni Red àti Blue tí àwa mọ̀, tó jáde ní Amẹ́ríkà ní 28 oṣù Kẹsàn-án 1998. Yúróòpù dúró títí di 5 oṣù Kẹwàá 1999. Ẹ wò ó: ọdún méjì àti oṣù méje kó tó dé Amẹ́ríkà, ọdún mẹ́ta àti oṣù méje kó tó dé Yúróòpù, ó sì wá di 2001 kí tòkunbọ̀ rẹ̀ tó dé Ìsàlẹ̀ Ọ̀ṣun. Mo bẹ ọmọ yẹn nígbà tí mo rí i. Mo sì ra ìwé kan lọ́jọ́ yẹn tí mo ń kọ ọjọ́ tí géèmù kọ̀ọ̀kan jáde sí, ìwé náà ṣì wà lórí tábìlì mi.

Ó tún ku ti ẹ̀dá kan tó ń jẹ́ Mew. Wọ́n ní ọkọ̀ akẹ́rù kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ọkọ̀ ojú omi S.S. Anne inú géèmù náà, tí o bá tì í, Mew á jáde. Ìròyìn yìí dé Òṣogbo láìsí íntánẹ́ẹ̀tì lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni nínú wa. Ọkọ̀ náà wà níbẹ̀ lóòótọ́, àmọ́ kò sí nǹkan kan lábẹ́ rẹ̀. Òótọ́ ibẹ̀ dùn ju irọ́ náà lọ: nígbà tí iṣẹ́ ti parí, àyè bíńtín ṣẹ́ kù nínú kásẹ́ẹ̀tì, Shigeki Morimoto tó wà lára àwọn tó kọ géèmù náà sì fi Mew sí i gẹ́gẹ́ bí ẹ̀dá 151. Ìwé ìròyìn àwọn ọmọdé kan ní Japan, CoroCoro, wá kéde pé àwọn á fi ta ènìyàn ogún lọ́rẹ. Àwọn tó kọ̀wé wá lé ní 78,000. Ọjà géèmù tí àwọn ènìyàn rò pé ó ti pẹ́ jù, lórí ẹ̀rọ tó ti wà láti 1989, bá gbéra sọ.

Satoshi Tajiri ló ronú géèmù náà. Ó dàgbà ní Machida, ní agbègbè Tokyo, níbi tó ti ń mú kòkòrò nínú pápá àti lẹ́bàá adágún omi. Nígbà tó ṣe, wọ́n kọ́lé sórí gbogbo ibẹ̀. Ó rí Game Boy méjì tí wọ́n fi wáyà so pọ̀, ó sì rò ó bíi pé kòkòrò ń rá lórí wáyà náà láti ọ̀dọ̀ ẹnì kan bọ́ sọ́dọ̀ ẹnì kejì. Ọdún mẹ́fà ni iṣẹ́ yẹn gbà ilé iṣẹ́ rẹ̀, Game Freak. Owó fẹ́rẹ̀ẹ́ tán nídìí rẹ̀, àwọn òṣìṣẹ́ kan sì kúrò. Ìgbà tí mo ka èyí, ojú mi lọ síbi koríko kan lẹ́bàá odò wa, níbi tí èmi àti àbúrò mi ti ń fi agolo mílíìkì mú tata àti labalábá. Ilé alájà méjì ló wà níbẹ̀ báyìí. Ọmọ tí a bí lónìí ò ní mọ̀ pé koríko wà níbẹ̀ rí.

Wáyà ló wá kù fún èmi àti ọ̀rẹ́ mi. Ẹ̀gbọ́n mi bá wa ra ọ̀kan l'Ékòó, a sì sáré jókòó sí ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù Ìyá Aláṣọ. Orí rẹ̀ wọ inú Game Boy Color, kò wọ tèmi. Ihò ti Game Boy àkọ́kọ́ tóbi ju ti àwọn tó tẹ̀lé e lọ. Oṣù mẹ́rin la fi dúró kí ẹ̀gbọ́n mi tó rí èyí tó ní orí ńlá lápá kan, orí kékeré lápá kejì. Ọjọ́ tó dé, mo fún un ní Growlithe, ó fún mi ní Vulpix. A ń wò ó bó ṣe ń gba inú wáyà kọjá lójú ẹ̀rọ méjèèjì, ìyá rẹ̀ náà dá aṣọ kíká dúró, wọ́n wá wò ó.

Ohun tí mi ò tètè kíyè sí ni pé ẹ̀dá tí o bá gbà lọ́wọ́ ẹlòmíràn ń gbé orúkọ ẹni tó kọ́kọ́ mú un kiri. Wọ́n kọ ọ́ síbẹ̀ pé OT (Original Trainer), wọ́n sì fi nọ́ńbà rẹ̀ tì í. O lè tọ́ ọ fún ọdún mẹ́wàá, orúkọ yẹn ò ní yí padà. Lẹ́tà méje péré ni wọ́n gbà fún orúkọ. Ti ọ̀rẹ́ mi gùn jù bẹ́ẹ̀ lọ, ó gé e sí ààbọ̀. Ààbọ̀ orúkọ yẹn ló wà lára Vulpix mi.

Gold àti Silver jáde ní Japan ní 21 oṣù Kọkànlá 1999, ó dé Amẹ́ríkà ní oṣù Kẹwàá 2000. Èmi rí Gold ní 2003. Ẹ̀dá 100 ló kún un, ó di 251. Tí o bá parí ilẹ̀ tuntun tó wà nínú rẹ̀, ọ̀nà á ṣí padà sí ilẹ̀ Red, nínú kásẹ́ẹ̀tì kan ṣoṣo. Satoru Iwata, ẹni tó di ọ̀gá àgbà Nintendo, ilé iṣẹ́ tó ṣe Game Boy, ní 2002, ló bá wọn wá ọ̀nà láti fún àwọn àwòrán inú rẹ̀ pọ̀ kí àyè lè wà. Àmọ́ aago inú rẹ̀ ló gba ọkàn mi. Tí ilẹ̀ bá ṣú ní Òṣogbo, ilẹ̀ á ṣú nínú géèmù. Ẹyẹ òwìwí rẹ̀ kì í jáde lọ́sàn-án. Ọjọ́ Ẹtì nìkan ni Lapras máa ń wà nínú ihò àpáta kan tí wọ́n ń pè ní Union Cave. Bí a bá ti kírun Jímọ̀ tán, mo ti ń sáré lọ sílé nìyẹn.

Mo fi wáyà náà kó àwọn ẹ̀dá mi kúrò nínú Red bọ́ sínú Gold, nítorí wọ́n fi ọ̀nà sílẹ̀ láàárín méjèèjì. Vulpix wà lára wọn. Gold kò ní Vulpix tirẹ̀, Silver ló ní i. Lẹ́yìn náà ni mo ta Red.

Ruby àti Sapphire ti jáde ní Japan nígbà yẹn, láti 21 oṣù Kọkànlá 2002. Kò sí ọ̀nà láti Gold dé ibẹ̀ rárá. Wọ́n yí bí wọ́n ṣe ń kọ ẹ̀dá kọ̀ọ̀kan sílẹ̀ padà, àwọn ti àtijọ́ ò lè wọlé mọ́. Mi ò mọ̀. Mo ra Ruby kan lọ́wọ́ ẹnì kan nínú ọjà, mo ṣe é fún ọ̀sẹ̀ mẹ́ta, kò séèfù mọ́. Ayédèrú ni. Ojúlówó Ruby, ike rẹ̀ pupa tí ìmọ́lẹ̀ ń là kọjá. Tí o bá wo ẹnu rẹ̀ dáadáa, wàá rí orúkọ Nintendo lára bọ́ọ̀dù lókè ibi tí wáyà wúrà wà. Mo ti fi èyí han àwọn ènìyàn púpọ̀ láti ìgbà náà, mi ò sì gbowó lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni lórí rẹ̀.

Ó kan ọjọ́ tí mo jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ ní 2011. Iṣẹ́ iná mànàmáná ni mo ń kọ́ ní ilé ìwé, mo wá ní kí n ṣí i wò. Ìdè tó wà lẹ́yìn kásẹ́ẹ̀tì náà kì í ṣe èyí tí sukuduráfà gbogbo wa lè tú. Mo fi iná àbẹ́là rọ ìdí bírò, mo tẹ̀ ẹ́ mọ́ orí ìdè náà nígbà tó ṣì gbóná, mo jẹ́ kó le, mo sì fi yí i. Ó tú. Bátìrì pẹlẹbẹ kan bíi kọ́ìnì ló wà nínú rẹ̀, CR2025, wọ́n fi irin pẹlẹbẹ méjì jó o mọ́ bọ́ọ̀dù. Mo fi mítà wọ̀n ọ́n: fóòtì (volt) mẹ́ta ló yẹ kó ní, kò tó ẹyọ kan. Bátìrì yẹn ló ń mú aago rìn, òun náà ló sì ń di gbogbo ohun tí mo séèfù mú. Aago náà kò sùn rí, tọ̀sán tòru ló ń jẹ bátìrì, kódà nígbà tí kásẹ́ẹ̀tì wà nínú páálí lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì. Aago tí mo fẹ́ràn jù nínú géèmù yẹn ló jẹ Vulpix mi.

Láti ìgbà náà ni mo ti ń wo géèmù wọ̀nyí lójú afárá. Tí ẹnìkan bá ní tuntun ti jáde, ohun tí mo kọ́kọ́ ń bèèrè ni bóyá ti àná lè kọjá síbẹ̀. Diamond àti Pearl, 28 oṣù Kẹsàn-án 2006 ní Japan: o lè ki Ruby bọ abẹ́ DS, ẹ̀rọ géèmù Nintendo mìíràn, kí o kó ẹ̀dá mẹ́fà mẹ́fà wá, kò sí ìpadàbọ̀. Black àti White, 2010: afárá wà, ìyẹn náà alọ láìsí àbọ̀. X àti Y, 12 oṣù Kẹwàá 2013, ni àkọ́kọ́ tó jáde lọ́jọ́ kan náà ní Japan, Amẹ́ríkà àti Yúróòpù. Inú mi dùn sí i ju bí mo ṣe lè sọ lọ, èmi tí mo ti kọ ọjọ́ mẹ́ta mẹ́ta sí iwájú géèmù kọ̀ọ̀kan. Lẹ́yìn rẹ̀ ni Pokémon Bank dé, tó ń tọ́jú ẹ̀dá sórí íntánẹ́ẹ̀tì, Pokémon HOME sì tẹ̀lé e ní oṣù Kejì 2020. Nítorí náà ẹ̀dá tí ẹnìkan mú nínú Ruby ní 2002 lè wà láàyè lórí ẹ̀rọ Switch lónìí, bí olówó rẹ̀ ò bá sinmi. Ti inú kásẹ́ẹ̀tì Gold ò lè dé ibẹ̀.

Mo ra 3DS tòkunbọ̀, ẹ̀rọ tó tẹ̀lé DS, ní 2015. Káàdì báńkì mi kò kọjá nígbà tí mo fẹ́ san owó Bank, ìbátan wa kan ní Kánádà ló bá mi san án. Mo dúpẹ́ pé mo tètè ṣe é, nítorí wọ́n ti ìsọ̀ orí 3DS ní 27 oṣù Kẹta 2023, ẹni tí kò bá ti gba Bank sílẹ̀ ṣáájú ò lè gbà á mọ́. Ṣáájú ìyẹn, ní 20 oṣù Karùn-ún 2014, wọ́n ti pa eré orí íntánẹ́ẹ̀tì ti DS. Ní 8 oṣù Kẹrin 2024, wọ́n pa eré orí íntánẹ́ẹ̀tì ti 3DS náà. Mo bínú sí Sword àti Shield ní 2019 nígbà tí wọ́n ní kì í ṣe gbogbo ẹ̀dá ló lè wọ ibẹ̀, mi ò sì tíì gbà pé ó tọ́. Ṣé ẹni tó ti gbé ẹ̀dá rẹ̀ gba afárá mẹ́rin kọjá ló yẹ kí wọ́n dá dúró lẹ́nu ọ̀nà?

Fóònù ni mo ń tún ṣe báyìí, ní ṣọ́ọ̀bù kékeré kan ní Òkè-Fìà. Àwọn ọmọ ilé ìwé gíga máa ń gbé kásẹ́ẹ̀tì àtijọ́ wá: “Ẹ kú iṣẹ́ o, bọ̀dá. Wọ́n ní ẹ lè pààrọ̀ bátìrì rẹ̀.” Mi ò ní fọwọ́ kan ìdè rẹ̀ àfi kí n ti kọ́kọ́ fi ẹ̀rọ tó ń ka kásẹ́ẹ̀tì kó ohun tó wà nínú rẹ̀ sínú kọ̀ǹpútà. Bátìrì bá ti kúrò lára bọ́ọ̀dù ti Gold tàbí Crystal tó jáde lẹ́yìn rẹ̀, ohun gbogbo á lọ. Tí mo bá ti jó tuntun mọ́ ọn tán, màá dá a padà sínú rẹ̀. Ti Ruby rọrùn díẹ̀, aago rẹ̀ nìkan ni bátìrì ń mú rìn, ohun tí o séèfù ò sí lọ́wọ́ rẹ̀. Ohun tí mo ń ṣe fún kásẹ́ẹ̀tì náà ni mo ń ṣe fún fóònù: mi ò ní ṣí i kí n tó bi olówó rẹ̀ níbi tí fọ́tò rẹ̀ wà.

Nígbà Iléyá 2024, ọ̀rẹ́ mi ará Ayétòrò wálé láti Kàdúná tó ń gbé. Ó bá mi ní ṣọ́ọ̀bù, ó gbé láílọ́ọ̀nù kékeré kan lé orí tábìlì. Kásẹ́ẹ̀tì Blue ni. Ìyá rẹ̀ ló tọ́jú rẹ̀ sínú àpótí owó láti ọjọ́ yìí. Mo ní kó má tàn án. Mo kọ́kọ́ kó inú rẹ̀ sínú kọ̀ǹpútà, ọwọ́ mi ń gbọ̀n. Blue kò ní aago, bátìrì rẹ̀ kò sì tíì kú. Nígbà tí mo wá ki kásẹ́ẹ̀tì náà bọ Game Boy, “Continue” ló wà lókè.

A wá a nínú àpótí kọ̀ọ̀kan. Growlithe wà níbẹ̀, kò sọ ọ́ di Arcanine tí Growlithe ń dà. Mo bi í pé kí ló dé. Ó ní, “Ìwọ lo ni ín, mo rò pé wàá padà wá gbà á.” Mo ṣí ojú ewé rẹ̀. Níbi tí wọ́n kọ OT sí, orúkọ mi ni, lẹ́tà méje.